Ẹnu ta lẹ ti gbọ́ ìtàn àwọn ọba Mughal?

Sí Olóòtú,

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ kú akitiyan. Inú wa dùn sí ìtàn àwọn ọba ńlá ayé àtijọ́ tí ẹ ń tẹ̀ jáde lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, torí òṣèlú àti bọ́ọ̀lù ló sábà máa ń gba ojú ewé mọ́ nǹkan lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n apá tó dá lórí àwọn ọba Mughal ilẹ̀ Íńdíà kù díẹ̀ káàtó. Ẹ kọ ọ́ pé Babur, ẹni tó kọ́kọ́ jọba nínú wọn, fi 12,000 ọmọ ogun ṣẹ́gun 100,000. Ẹ ní Jahangir, ọba kẹrin nínú wọn, àti Sir Thomas Roe, ikọ̀ ọba Gẹ̀ẹ́sì, di ọ̀rẹ́ kòríkòsùn, wọ́n sì jọ tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn òwò. Lẹ́yìn náà ni ẹ ka wúrà àti òkúta iyebíye ilé ìṣúra Jahangir fún wa bí ẹni pé ẹ bá wọn ṣí àpótí.

Ìwé tí ẹ kà la rò pé ó kó bá yín. Ó jọ pé ẹyọ kan ni, kò sì sí ibi tí ẹ ti sọ ẹni tó kọ ọ́, ẹni tó túmọ̀ rẹ̀ tàbí ọdún tó jáde. Ní Ọ̀yọ́ níbí, bí arọ́kin bá ń ròyìn Aláàfin kan tó ti wàjà, àgbà tó jókòó tì í mọ̀ pé ó yẹ kí òun wo ẹni tó wà lórí ìtẹ́ lọ́jọ́ náà kí òun tó gba ọ̀rọ̀ náà wọlé. Arọ́kin kì í ṣe òpùrọ́. Ààfin ló ń bọ́ ọ ni. Ojú yẹn náà la fi ń wo ìwé ọba, ì báà jẹ́ ọba fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́.

Ọ̀dọ̀ Jahangir la ó ti bẹ̀rẹ̀, torí òun lẹ kọ nípa rẹ̀ jù, òun náà ni ìwé rẹ̀ dùn-ún kà jù. Ó jọba láti 1605 títí di 1627, ó sì kọ ìwé nípa ìjọba ara rẹ̀ ní èdè Páṣíà. Oríṣi ìwé méjì ni wọ́n ń pè ní ìwé Jahangir lédè Gẹ̀ẹ́sì. David Price ló túmọ̀ ọ̀kan, ó jáde ní 1829. Ìwé àfọwọ́kọ tí Price rí lò kì í ṣe ojúlówó: ẹlòmíràn ti bù mọ́ ọn, ó ti sọ iye wúrà, iye erin àti iye òkúta iyebíye di ràbàtà. Èkejì ni ti Alexander Rogers, tí Henry Beveridge bá a tún ṣe, ìdìpọ̀ méjì tó jáde ní 1909 àti 1914. Inú ojúlówó ni wọ́n ti túmọ̀ ìyẹn. Wheeler Thackston tún túmọ̀ ojúlówó yìí kan náà ní 1999. Ti Price ti pẹ́ débi pé ọ̀fẹ́ ni, òun ló sì rọrùn fún ẹni tó bá ń wá ìwé lórí íntánẹ́ẹ̀tì láti kọ́kọ́ kọsẹ̀ lù. Ìṣirò ilé ìṣúra tí ẹ tẹ̀ jáde jọ tirẹ̀ púpọ̀. Orúkọ atúmọ̀ ni kí ènìyàn kọ́kọ́ wò, kó tó ṣí ojú ewé kìíní. Bó bá jẹ́ Price, kó pa á dé.

Bó bá jẹ́ ojúlówó náà, ó ku ọwọ́ tó di kálámù mú. Jahangir fúnra rẹ̀ ló ń kọ ọ́ títí di ọdún kẹtàdínlógún ìjọba rẹ̀. Nígbà tí ara kò gbà á mọ́, ó fà á lé Mu'tamad Khan, ìjòyè rẹ̀ kan, lọ́wọ́, ọba fúnra rẹ̀ ń yẹ̀ ẹ́ wò, wọ́n sì bá a dé ìbẹ̀rẹ̀ ọdún kọkàndínlógún kó tó dúró. Ohun tó ṣẹlẹ̀ láti ibẹ̀ títí di ọjọ́ ikú rẹ̀, Muhammad Hadi ló kọ ọ́ kún un ní ọ̀rúndún kejìdínlógún, nígbà tí gbogbo àwọn tọ́rọ̀ kàn ti kú tán. Ẹni tó bá fa ọ̀rọ̀ yọ láti apá yẹn, tó wá ní “Jahangir sọ pé”, ẹnu òkú ló ń fi sọ̀rọ̀.

Ìgbà tí wọ́n kọ ọ́ tún ṣe pàtàkì ju bí ọ̀pọ̀ òǹkàwé ṣe rò lọ. Ní 1618, Jahangir pàṣẹ kí wọ́n di ọdún méjìlá àkọ́kọ́ pọ̀ sójú kan, kí wọ́n sì dà á kọ. Ẹ̀dà tó kọ́kọ́ jáde, Khurram ọmọ rẹ̀ ló fún, ẹni tó ti fi oyè Shah Jahan dá lọ́lá lọ́dún tó ṣáájú, ó ní òun ló tọ́ sí jù láàárín àwọn ọmọ òun. Kò ju ọdún mẹ́rin lọ tí ọmọ yìí ṣọ̀tẹ̀. Inú ìwé náà gan-an ni ọba ti pàṣẹ pé láti ọjọ́ náà lọ, níbikíbi tí orúkọ rẹ̀ bá ti yẹ kó hàn, “bi-daulat” ni kí wọ́n máa kọ. Àwọn atúmọ̀ òyìnbó ń wá ọ̀rọ̀ tí wọn yóò fi túmọ̀ ìyẹn kiri; àwa ní tiwa, olórí burúkú ni. Bí ẹ bá ka ìwé náà dé ìdajì, ẹ ó tẹ̀ ẹ́ jáde pé ààyò bàbá ni Shah Jahan. Bó bá jẹ́ apá ìparí lẹ ṣí, ẹ ó ní ọ̀tá ni wọ́n láti ilẹ̀.

Ọba yìí tún máa ń jẹ́wọ́, ibẹ̀ ló sì ti ń mú ọ̀pọ̀ òǹkàwé. Ó kọ ọ́ pé òun mu ògógóró tí wọ́n sè lẹ́ẹ̀mejì dé 20 ife lóòjọ́, 14 lójú mọmọ, ìyókù lóru, ọwọ́ òun wá ń gbọ̀n débi pé ẹlòmíràn ló ń gbé ife sí òun lẹ́nu, kó tó di pé oníṣègùn kìlọ̀ fún òun, tí òun sì fi ọdún méje rọra dín in kù sí ife mẹ́fà. Ó tún sọ ọ́ gbangba pé òun lòun rán Bir Singh Deo pé kó pa Abu'l Fazl, ọ̀rẹ́ tímọ́tímọ́ àti akọ̀tàn Akbar, bàbá òun, ní 1602. Òǹkàwé á ka èyí tán, á ní “olóòótọ́ nìyí”, á wá gbé gbogbo ìyókù mì láìjẹ. Kó rọra. Ìtàn ọtí yẹn parí síbi tí ọba ti borí ọtí. Ìtàn Abu'l Fazl sì wá pẹ̀lú àwáwí rẹ̀: ó ní ọkùnrin náà ni ìbá ba àárín òun àti bàbá òun jẹ́, pé ikú rẹ̀ ló jẹ́ kí ilé tòrò. Ẹni tó ń jẹ́wọ́ ń ro ẹjọ́ lọ́wọ́.

Níbi tí kò ti sí èrè kankan fún un la ti lè gbà á gbọ́ dáadáa. Ní 1612, Muqarrab Khan, ìjòyè rẹ̀, mú àwọn ẹranko àjèjì kan wá fún un láti Goa, èbúté àwọn Potogí ní Íńdíà, ọ̀kan nínú wọn jẹ́ ẹyẹ tí wọn kò rí rí láàfin. Jahangir kọ ọ́ pé ó tóbi ju abo ọ̀kín lọ díẹ̀, kò tó akọ rẹ̀. Pé bí ara rẹ̀ bá gbóná, orí àti ọrùn rẹ̀ á pọ́n bí iyùn, tó bá ṣe díẹ̀ á funfun bí òwú, á tún yí padà di àwọ̀ mìíràn bí ọ̀gà. Ọmọ ọdún mẹ́fà nílé wa á ti dá a lóhùn pé tòlótòló ni. Ọba tó lè wo tòlótòló báyìí, ojú rẹ̀ ṣe é gbára lé lórí ẹyẹ, ewéko, òjò àti àwòrán.

Ti Roe wá ńkọ́? Ó gúnlẹ̀ sí èbúté Surat ní Íńdíà ní 1615, ó padà sílé ní 1619, ó sì ń kọ ohun tó bá rí sílẹ̀ lójoojúmọ́. William Foster ló ṣàtúntò ìwé yẹn tó sì tẹ̀ ẹ́ ní 1899. Nínú rẹ̀, Roe àti ọba ń sọ̀rọ̀, wọ́n ń mutí, wọ́n ń bá ara wọn ta tẹ́tẹ́: ọba ní kí oníṣẹ́ ọnà òun da àwòrán kékeré kan tí Roe mú wá kọ, wọ́n kó àwọn ẹ̀dà náà mọ́ ti Roe síwájú rẹ̀ ní ìmọ́lẹ̀ àbẹ́là, Roe fẹ́rẹ̀ẹ́ má mọ èyí tí í ṣe tirẹ̀. Ọ̀rẹ́ tí ẹ rí nìyẹn. Ẹ wá ṣí ìwé Jahangir ní àwọn ọdún yẹn. Kò dárúkọ Roe lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ikọ̀ ọba Páṣíà tó wá ní 1616 wà níbẹ̀, pẹ̀lú ẹ̀bùn tó mú dání. Òyìnbó tó ń ṣojú àwọn oníṣòwò láti erékùṣù ọ̀nà jíjìn kò tó ohun tí ọba ń kọ sílẹ̀. Ní ti ìwé àdéhùn, Roe kò rí i gbà. Ìwé àṣẹ òwò fún ibi kọ̀ọ̀kan ló rí mú lọ sílé, ó sì ṣàròyé lé e lórí nínú ìwé ara rẹ̀. Nítorí náà, bí ẹlẹ́rìí kan bá sọ̀rọ̀ tí èkejì dákẹ́, ẹ má tètè sọ pé ọ̀kan ń purọ́. Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ náà ṣe tóbi tó lójú kálukú wọn.

Bí ẹ bá fẹ́ fi ìwé méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, ọjọ́ ni yóò kọ́kọ́ dà yín láàmú. Nígbà náà, ọdún tuntun àwọn Gẹ̀ẹ́sì kì í bẹ̀rẹ̀ títí di 25 March, ọjọ́ wọn sì fi 10 rẹ̀yìn sí kàlẹ́ńdà tí à ń lò lónìí. Roe kọ ọ́ pé òun kọ́kọ́ rí ọba ní ìlú Ajmer ní 10 January 1615. Lójú tiwa, 20 January 1616 ni. Jahangir ní tirẹ̀ ń fi ọdún ìjọba ka ọjọ́, kì í sì í ṣe ọjọ́ tó gorí ìtẹ́ ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í kà, ọdún tuntun àwọn ará Páṣíà tó bọ́ sí March 1606 ni. Ọdún kejìlá rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ní March 1617, ó sì wọ inú 1618. Ẹni tó bá ro 12 mọ́ 1606 yóò fi ọdún kan ṣìnà. Ẹ yọ 1 kúrò nínú ọdún ìjọba kí ẹ tó rò ó. Ọdún Hijra, ti àwọn Mùsùlùmí, náà tún wà ńlẹ̀, èyí tó fi nǹkan bí ọjọ́ 11 kúrú sí ti oòrùn, ohun kan náà tó ń gbé ààwẹ̀ Ramadan láti oṣù òyìnbó kan bọ́ sí òmíràn. Aurangzeb, ọmọ Shah Jahan tó jọba lẹ́yìn rẹ̀, tí wọ́n bí ní 1027 tó kú ní 1118 jẹ́ ẹni ọdún 91 ní ìṣirò yẹn. Láti November 1618 dé March 1707 ní ìṣirò òyìnbó, 88 ni. Ìwé méjì lè sọ méjèèjì kí ìkankan má ṣàṣìṣe.

Orúkọ ló tẹ̀ lé e. Ọmọ Yorùbá kò yẹ kó ṣòro fún láti mọ̀ pé a kì í fi orúkọ lásán pe ọba tó ti lọ. Nínú ìwé Mughal, “Firdaus-Makani” ni Babur, “Jannat-Ashyani” ni Humayun ọmọ rẹ̀, “Arsh-Ashyani” ni Akbar ọmọ Humayun. Orúkọ tí wọ́n ń jẹ́ lẹ́yìn ikú ni. Tí ẹ bá rí i, ẹ ti mọ̀ pé ẹni náà ti kú nígbà tí wọ́n kọ gbólóhùn yẹn. Nur Jahan, aya Jahangir, kò jẹ́ bẹ́ẹ̀ títí di 1616; Nur Mahal ni wọ́n ń pè é láti ìgbà tó ti wọlé ọba ní 1611. Ìwé tó bá pè é ní Nur Jahan nínú ọ̀rọ̀ 1612, ẹ̀yìn ìgbà náà ni wọ́n kọ ọ́. Èyí tó pa wá lẹ́rìn-ín jù ni ti bàbá Babur, tí ilé ẹyẹlé rẹ̀ wó pẹ̀lú rẹ̀ sínú kòtò jíjìn ní June 1494. Babur kọ ọ́ pé ó fò lọ pẹ̀lú ẹyẹlé rẹ̀, ó sì di àṣá. Ikú ló ń sọ o. Bí àjèjì bá gbọ́ “ọba wàjà” lẹ́nu tiwa, tó lọ kọ ọ́ pé ọba gun òrùlé, bẹ́ẹ̀ náà ló máa ń rí.

Ní ti 12,000 àti 100,000 yẹn, ẹ padà sínú ìwé Babur. Òótọ́ ni iye méjèèjì wà níbẹ̀, ọ̀nà tí wọ́n gbà débẹ̀ ló yàtọ̀. Nígbà tí wọ́n sọdá odò Indus, akọ̀wé ka àwọn ènìyàn rẹ̀ sílẹ̀ lórúkọ, oníṣòwò àti ìránṣẹ́ wà nínú 12,000 náà, jagunjagun kò tó bẹ́ẹ̀. Iye tí wọ́n kà nìyẹn. 100,000 jẹ́ ohun tí àwọn ènìyàn fojú dá, pẹ̀lú erin tó súnmọ́ 1,000. Ti òkú ogun náà, tí wọ́n jà ní Panipat ní April 1526, tilẹ̀ tún fi bó ṣe ń rí hàn: àwọn tirẹ̀ fojú dá a sí 15,000 tàbí 16,000, nígbà tí wọ́n dé Agra, ẹnu àwọn ará ibẹ̀ ti sọ ọ́ di 40,000 sí 50,000. Babur kọ méjèèjì sílẹ̀, ó sì sọ ibi tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ti wá. Ẹni tó bá ń da ìtàn rẹ̀ sọ ló máa ń já ibẹ̀ sílẹ̀. Kẹ̀kẹ́ ẹrù 700 tó ní kí wọ́n fi okùn awọ so mọ́ ara wọn, pẹ̀lú asà bíi márùn-ún tàbí mẹ́fà láàárín méjì-méjì, ìyẹn la lè fọwọ́ sọ̀yà lé, torí òun ló pàṣẹ rẹ̀, ojú rẹ̀ ló sì ṣe.

Owó tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. “Lakh” kan jẹ́ 100,000, “crore” kan jẹ́ 10,000,000. Ṣùgbọ́n crore kí ni? Owó orí tí Abu'l Fazl kà sílẹ̀ nígbà Akbar, dam ni, owó bàbà, 40 rẹ̀ ló ń jẹ́ rúpì kan. Ẹni tó bá kà á bíi rúpì ti sọ Akbar di ọlọ́rọ̀ ní ìlọ́po ogójì. Àwa náà ní irú rẹ̀ nílé: ẹni tí kò mọ̀ pé owó ẹyọ 20,000 ni ọ̀kẹ́ kan, àpò lásán ni yóò túmọ̀ rẹ̀ sí. Oyè ológun náà ń tan ènìyàn: ìjòyè “ẹgbẹ̀rún márùn-ún” kò ní 5,000 ẹlẹ́ṣin lẹ́yìn. Láti ìgbà Akbar, nọ́ńbà méjì ni wọ́n ń kọ sí orúkọ rẹ̀, zat fún ipò àti owó oṣù, sawar fún ẹṣin tó yẹ kó mú wá.

Ibi tí ìwé ti já náà ń sọ̀rọ̀. Ti Babur fò láti 1508 dé 1519, ó tún fò láti 1520 dé 1525. Inú àlàfo àkọ́kọ́ ni 1511 bọ́ sí, nígbà tó gba ìlú Samarkand pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ ọba Shia ilẹ̀ Páṣíà, ọ̀rọ̀ tí kò buyì kún un lójú àwọn Sunni ìlú náà. Ìwé Haidar Mirza, tó jẹ́ ìbátan rẹ̀, la fi ń dí ibẹ̀. Àwọn kan ti sáré pinnu pé Babur ló fa ojú ewé náà ya. Kò sí ẹ̀rí. Òun fúnra rẹ̀ kọ ọ́ pé ní 1529, ìjì wó àgọ́ lé òun lórí lóru, ìwé òun rin gbindin, wọ́n di í sínú aṣọ, wọ́n wá iná títí ilẹ̀ fi mọ́ láti fi yá a gbẹ. Ìwé tó ń bá ọba sun inú àgọ́ kì í pé títí láé.

Ti Humayun la fẹ́ràn jù fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, torí kì í ṣe ọba ló ń sọ̀rọ̀. Ní nǹkan bí 1587, Akbar ní kí gbogbo ẹni tó bá rántí ayé bàbá òun àti bàbá bàbá òun kọ ọ́ wá. Jauhar, tó ń gbé omi àlùwàlá fún Humayun, kọ tirẹ̀. Gulbadan, àbúrò Humayun obìnrin, kọ tirẹ̀. Ẹni tó ń gbé omi mọ ìgbà tí ebi pa ọba nínú aṣálẹ̀. Obìnrin náà mọ ẹni tó bá ẹni jà nínú ilé àti bí wọ́n ṣe parí rẹ̀. Ẹ ṣírò ọjọ́ orí àwọn méjèèjì: ọmọ ọdún bíi méje tàbí mẹ́jọ ni Gulbadan nígbà tí Babur kú ní 1530, nítorí náà ohun tó sọ nípa ikú bàbá rẹ̀ jẹ́ ohun tó gbọ́ lẹ́nu àwọn ìyá àgbà. Ẹ̀dà kan ṣoṣo la mọ̀ pé ó kù nínú ìwé rẹ̀, ó wà ní London, ó sì já láàárín ọ̀rọ̀.

Nípa Akbar, ẹ má ka Abu'l Fazl láìka Badauni. Ọ̀gá kan náà làwọn méjèèjì sìn. Ọ̀kan ń yìn ín bí ẹni tó sọ̀ kalẹ̀ látọ̀run; èkejì ń fi ìkọ̀kọ̀ kọ gbogbo ohun tó ń bí i nínú, ìwé náà kò sì hàn sójútáyé àfìgbà tí Akbar ti kú. Aurangzeb ní tirẹ̀ dá ìwé ìtàn ìjọba dúró lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, nítorí náà púpọ̀ nínú ohun tí à ń kà nípa 40 ọdún tó kù jẹ́ ti àwọn tó kọ̀wé lẹ́yìn ikú rẹ̀ àti ti àwọn òyìnbó. Bernier, oníṣègùn ará Faransé, wà lára wọn. Mínísítà ọba rẹ̀ ló ń kọ lẹ́tà sí, ẹ ka ìwàásù rẹ̀ lórí ẹni tó ni ilẹ̀ pẹ̀lú ìyẹn lọ́kàn.

Bí ẹ bá fẹ́ súnmọ́ ilé, ohun kan náà ni. Ìwé ìtàn Songhai tí wọ́n ń pè ní Tarikh al-fattash ní àsọtẹ́lẹ̀ kan tí wọ́n ní Askia Muhammad, ọba Songhai, gbọ́, pé Ahmad kan yóò jáde ní Masina. Ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni wọ́n tẹ ìyẹn bọ inú rẹ̀, kó lè gbe Ahmad Lobbo tó ń jọba níbẹ̀ nígbà náà. Ní Ọ̀yọ́ wa, Clapperton, òyìnbó arìnrìn-àjò, dé Ọ̀yọ́ Ilé ní 1826, ó kọ ohun tó rí, Katunga ló sì pe ìlú náà nítorí bẹ́ẹ̀ ni àwọn Hausa ń pè é. Pásítọ̀ Samuel Johnson parí ìwé tirẹ̀ ní 1897 láti ẹnu àwọn arọ́kin àti àwọn àgbà. Ìwé náà sọnù lọ́wọ́ àwọn tó yẹ kó tẹ̀ ẹ́, Johnson kú ní 1901, Obadiah àbúrò rẹ̀ sì tún un kọ láti inú àkọsílẹ̀ tó kù. Ọkọ̀ òkun tó gbé ẹ̀dà kejì lọ tún bọ́ sọ́wọ́ àwọn ará Jámánì ní 1916. 1921 ló tó di títẹ̀. Nítorí náà, kí ẹni tó bá ń kọ “Johnson wí pé” rántí pé ọwọ́ méjì ló kọ ìwé náà.

Ẹ̀bẹ̀ wa kéré. Lábẹ́ ìtàn kọ̀ọ̀kan, ẹ bá wa kọ ìlà méjì: ẹni tó kọ ìwé tí ẹ lò àti ọdún tó kọ ọ́, ẹni tó túmọ̀ rẹ̀ àti ọdún tó jáde. Níbi tí nọ́ńbà bá wà, ẹ fi kún un bóyá wọ́n kà á ni tàbí wọ́n fojú dá a. Ẹ sì bá wa tún ọ̀rọ̀ ìwé àdéhùn Roe ṣe nínú èyí tó ń bọ̀, torí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń gé e mọ́ ìwé wọn.

Àwa òǹkàwé yín,
Olùkọ́ ìtàn mẹ́ta, Ọ̀yọ́.